Ọjọ́ Kẹtàlá Ọkọ Hemlata

Ọmọ ọlọ ni wọ́n fi fọ́ orí Bhavesh. Kì í ṣe ẹ̀ẹ̀kan, kì í ṣe ẹ̀ẹ̀mejì. Dókítà tó yẹ òkú náà wò ka ojú ọgbẹ́ mọ́kànlá, ó ní èyí tó gbẹ̀yìn ló ti egungun ìpàkọ́ wọ inú ọpọlọ. Ẹni tó ṣiṣẹ́ yìí wọ́ ọ lẹ́sẹ̀ lọ sínú èèsún etí adágún tó wà ní Birchmere Park, ó sì fi òkúta méjì tẹ ẹ̀wù rẹ̀ mọ́lẹ̀ kó má baà léfòó. Láàárọ̀ Ọjọ́rú, ajá tí obìnrin kan ń mú rìn ló fà á lápá jáde.

Kí ọ̀sán ọjọ́ yẹn tó pọ́n, àwọn ọlọ́pàá ti rí ọmọ ọlọ náà nínú ike ìdalẹ̀nù tó wà lẹ́yìn ilé Hemlata ní Thamesmead Moorings. Ẹ̀jẹ̀ àti irun ṣì lẹ̀ mọ́ ọn. Hemlata ni ìyàwó òkú. Ojú ọmọ rẹ̀, Jhanvi, ọmọ ọdún méje, ni wọ́n ti kó ṣẹ́kẹ́ṣẹkẹ̀ sí i lọ́wọ́.

Èmi Lékan ni mò ń sọ̀rọ̀. Takisí ni mò ń wà ní Woolwich, ẹni tí mo sì máa ń gbé jù ni Alhaja Kàfí. Ọdún méjìlélógún ni Alhaja fi ṣe ọ̀tẹ̀lẹ̀múyẹ́ ọlọ́pàá ní Èkó kó tó wá síbí. Ní Lọ́ńdọ̀nù, àwọn lọ́yà ló ń rán an níṣẹ́, pé kó lọ fún àwọn tó ń sá fún kóòtù ní ìwé ìpẹ̀jọ́ wọn. Obìnrin kúkurú ni, orúnkún ń dùn ún, ẹnu rẹ̀ sì mú ju abẹ lọ. Oṣù mẹ́jọ gbáko la fi lé Bhavesh kiri kó tó gba ìwé lọ́wọ́ wa, nítorí náà òkú ẹni tí a mọ̀ ni.

Ẹ jẹ́ kí n là á yé yín. Rajkot, ní ilẹ̀ Íńdíà, ni Bhavesh ti gbé Hemlata níyàwó. Ó fi oyún sí i nínú, ó bá ẹ̀gbọ́n rẹ̀ Jayant wá sí Woolwich, kò bojú wẹ̀yìn mọ́. Kóòtù Rajkot dá a lábẹ́ òfin ẹbí àwọn Híńdù pé dandan ni kó máa bọ́ ìyàwó, kó sì máa bọ́ ọmọ. Nígbà tí Hemlata tòun tọmọ dé Lọ́ńdọ̀nù, ìdájọ́ náà ló gbé dání. Bhavesh ní òun ò ní. Nígbà tí ìyẹn ò ràn án lọ́wọ́, ó ní obìnrin náà kì í ṣe ìyàwó òun rárá, pé ìṣísẹ̀ mẹ́fà péré làwọn gbé níwájú iná lọ́jọ́ ìgbéyàwó, méje ni òfin wọn sì wí. Wọ́n gbé fídíò ìgbéyàwó síta, adájọ́ àti lọ́yà jókòó, wọ́n ń ka ẹsẹ̀ ọkọ ìyàwó. Méje pé géérégé. Mo rẹ́rìn-ín títí omi fi bọ́ lójú mi nígbà tí mo gbọ́ ọ, àmọ́ ọdún mẹ́rin ni Hemlata fi ń dá bọ́ ọmọ yẹn ní gbogbo àkókò tí wọ́n ń ka ìṣísẹ̀.

Ní oṣù tó kọjá, kóòtù gbẹ́sẹ̀ lé ìpín Bhavesh nínú ilé tí bàbá rẹ̀ fi sílẹ̀ ní Rajkot. Ilé ńlá ni, òun àti Jayant ló jọ jogún rẹ̀. Ọ̀sẹ̀ mẹ́ta lẹ́yìn náà ló kú.

Ní Ọjọ́bọ̀, lọ́yà Hemlata mú Alhaja wọ àgọ́ ọlọ́pàá gẹ́gẹ́ bí akọ̀wé rẹ̀. Nígbà tó jáde, ojú rẹ̀ ti yàtọ̀. Ó ní obìnrin náà ò sunkún, kò sì bẹ̀bẹ̀ fún ara rẹ̀. Ní ọjọ́ Ajé, ó wà lẹ́nu iṣẹ́ pẹ̀lú Idiat, ọmọ Yorùbá kan tí wọ́n jọ ń ṣiṣẹ́, ní ilé àwọn arúgbó láti aago mẹ́ta ọ̀sán títí di mẹ́wàá. Ní ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ Ìṣẹ́gun, ilé ló wà, òun àti ọmọ nìkan, kò sí ẹlẹ́rìí. Ohun kan ṣoṣo ló bẹ Alhaja fún, pé kí wọ́n má ṣe fi Jhanvi lé Jayant lọ́wọ́. Jayant ló kọ́ Bhavesh ní irọ́ ìṣísẹ̀ mẹ́fà. Jayant ló sọ ọ́ sí Hemlata lójú nígbà kan, pé ọmọbìnrin kankan ò ní pín nínú ilé bàbá òun, ó sì gbá a létí tẹ̀lé e.

“Ẹni tó bá mú ọmọ ló mú ìpín ọmọ,” ni Alhaja sọ nínú ọkọ̀.

*

Láàárọ̀ ọjọ́ Ẹtì, Sájẹ́ǹtì Ethan Ọládèjì bá wa ní ilé tíì kan ní Powis Street. Òun ni ọlọ́pàá tí ẹjọ́ náà wà lọ́wọ́ rẹ̀. Thamesmead ni wọ́n bí i sí. Ó gbọ́ Yorùbá dáadáa, àmọ́ ọ̀wọ̀ kì í tètè jáde lẹ́nu rẹ̀.

“Auntie, just leave this one. O mọ̀ pé four years ni wọ́n ti ń jà.”

“Ta ni ‘o’?”

“Sorry. Ẹ mọ̀ pé four years ni wọ́n ti ń jà. Weapon wà nínú bin ẹ̀. What else?”

Ó ní òmíì tún wà. Ní aago mẹ́rin ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ Ìṣẹ́gun, ọ̀rọ̀ wọlé sórí fóònù Jayant láti orí fóònù Bhavesh, pé òun ń lọ sọ́dọ̀ Hemlata, pé àwọn máa parí ẹ̀ lónìí. Ó túmọ̀ sí pé Bhavesh ṣì wà láàyè lọ́jọ́ Ìṣẹ́gun. Omi tútù kò jẹ́ kí dókítà lè fọwọ́ sọ̀yà bóyá Ajé ló kú ni àbí Ìṣẹ́gun, fóònù ló bá wọn yanjú ẹ̀. Jayant ńkọ́? Láti aago mẹ́ta di mẹ́sàn-án ọjọ́ Ìṣẹ́gun, ó wà nínú ṣọ́ọ̀bù rẹ̀ lójú ogún èèyàn.

Alhaja bi í pé ọmọ ńkọ́.

“Uncle ẹ̀ ló ń gbà á. Twelve o'clock today. Family ni, Auntie. Ó sàn ju strangers lọ.” Ó dìde. “Ó ti lọ book hall fún thirteenth day ti brother ẹ̀ gan-an, prayer tí àwọn Hindu máa ń ṣe fún òkú. The man is broken.”

Mo wo aago. Ó kù díẹ̀ kí aago mẹ́sàn-án lù. Wákàtí mẹ́ta la ní.

*

Obìnrin tó ni ajá yẹn ti sọ fún ọlọ́pàá pé ní ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ Ìṣẹ́gun òun rí ọkùnrin dúdú kan tó ń fọ igi gígùn létí adágún, ibi tí wọ́n ti rí òkú gan-an. Ọlọ́pàá ò rí i mú. Ẹ̀ẹ̀kan ni Alhaja tẹ Idiat láago, ó júwe ọkùnrin náà fún un, Idiat sì mọ ẹni tó jẹ́ lójú ẹsẹ̀. Gafar ni, awakọ̀ ẹrù ará Ìjẹ̀bú, òun àti Bhavesh sì ti jà rí ní oṣù kìíní nítorí ẹrù tó fọ́. Gafar ló la ètè Bhavesh nígbà náà.

A bá a níbi tó ti ń já ẹrù. Ó ní òun ò dé Birchmere láti ọdún tó kọjá. Alhaja rọra lọ sẹ́yìn ọkọ̀ Gafar, ó fi ìka yọ nǹkan tó ń dán lára ìlẹ̀kùn, ó nà án sí i. Ìpẹ́ ẹja ni.

“Alhaja, ẹ jọ̀ọ́. Mi ò ní licence tí wọ́n fi ń pẹja. Tí wọ́n bá mú mi, fine ni.”

“Wọ́n pa èèyàn síbẹ̀, o ń sọ̀rọ̀ fine?”

Gafar ní láti aago mẹ́rin di méje lòun wà níbẹ̀ lọ́jọ́ Ìṣẹ́gun, nínú èèsún yẹn gan-an, kò sẹ́ni tó jà, kò sẹ́ni tó pariwo. Ó ní ẹja tó máa ń jẹ ìwọ̀ òun níbẹ̀ kò jẹ ẹ́ rárá lọ́jọ́ náà, bí ẹni pé nǹkan ti lé wọn lọ.

“Ó ti wà nísàlẹ̀ omi níwájú rẹ nígbà yẹn,” ni Alhaja wí.

Gafar káwọ́ lérí, ó búra pé òun ò ní pẹja níbẹ̀ mọ́ láé. Mo rò pé a ti débẹ̀, mo ní ká pe Ethan. Alhaja mi orí. Òpùrọ́ tó ti la ètè òkú rí, ta ni yóò gba ẹ̀rí rẹ̀ gbọ́? Bí a bá mú un lọ báyìí, wọn yóò kàn tì í mọ́lé pẹ̀lú Hemlata ni. Inú bí mi, nítorí òótọ́ ló sọ.

*

A ti ń padà bọ̀ sí Woolwich nígbà tó ṣàdédé bi mí léèrè.

“Lékan, àwa Mùsùlùmí, ọjọ́ kẹjọ la máa ń ṣàdúrà fún òkú. Ìgbà wo lèèyàn ti ń kà á?”

“Látọjọ́ tó kú ni.”

“Tó bá kú lónìí, òní ńkọ́?”

“Òní di ọ̀kan.”

Ó ní kí n gbé òun lọ sí ilé ìsìn àwọn Híńdù tí Jayant ń lọ kíá. Lórí ṣọ́ọ̀bù aṣọ kan ni ilé ìsìn náà wà, a bọ́ bàtà sẹ́nu ọ̀nà, a gun àtẹ̀gùn. Bàbá àlùfáà wọn, arúgbó oníwà pẹ̀lẹ́ kan, ń to òdòdó. Gẹ̀ẹ́sì ni wọ́n jọ sọ, èmi ni mo ń yí i sí Yorùbá fún yín. Ó ní Jayant jẹ́ olùfọkànsìn, pé láti ọdún mọ́kànlá kò tíì pa ọjọ́ Ìṣẹ́gun kan jẹ rí. Alhaja bi í nípa Ìṣẹ́gun tó kọjá. Bàbá ní ó wá láàárọ̀, ó gbé àwo èso wá bó ṣe máa ń ṣe, àmọ́ kò wọlé. Ìsàlẹ̀ ló dúró sí nínú òjò wínníwínní, ó fi àwo rán obìnrin kan sókè. Wọ́n gbé oúnjẹ ìbùkún lọ bá a, kò gbà. Ó ní ọ̀fìnkìn ń ṣe òun.

“Bàbá, ẹ dárí jì mí, àlejò ni mí,” ni Alhaja wí. “Kí ló máa ń mú kí ẹni tó fẹ́ràn Ọlọ́run tó báyìí dúró síta?”

“Ọ̀fìnkìn kọ́,” ni bàbá sọ, ó rẹ́rìn-ín. “Bí wọ́n bá bímọ nílé rẹ̀, tàbí bí èèyàn rẹ̀ bá kú. Ara rẹ̀ ò mọ́ nígbà náà. Èèwọ̀ ni kó wọlé títí ọjọ́ yóò fi pé.”

“Ta ni wọ́n bí nílé Jayant?”

Bàbá gbé òdòdó ọwọ́ rẹ̀ sílẹ̀. Ẹ̀rín ti kúrò lójú rẹ̀.

Alhaja ní kó jọ̀ọ́ fi ìwé tí wọ́n ń kọ ọjọ́ sí han òun. Ọjọ́ Àbámẹ́ta ọ̀sẹ̀ tó ń bọ̀ ni Jayant gba gbọ̀ngàn fún ètò ọjọ́ kẹtàlá. Alhaja fi ìka kà á láti ọjọ́ Ìṣẹ́gun. Ọjọ́ kẹtàlá bọ́ sí Àìkú. Ó tún kà á láti ọjọ́ Ajé. Ó bọ́ sí Àbámẹ́ta.

“Mo sọ fún un,” ni bàbá wí, ohùn rẹ̀ ti rẹlẹ̀. “Mo ní bí àbúrò rẹ bá kú lọ́jọ́ Ìṣẹ́gun bí ọlọ́pàá ṣe wí, Àìkú ni, gbọ̀ngàn sì ṣófo lọ́jọ́ náà. Ó ní rárá, Àbámẹ́ta ni, kò ṣeé yẹ̀, bí a bá ṣì í kà, ẹ̀mí àbúrò òun ò ní rí ọ̀nà lọ. Mo rò pé ìbànújẹ́ ló ń dà á láàmú.”

Ó jókòó sílẹ̀ láàárín òdòdó. Àánú rẹ̀ ṣe mí.

*

Nínú ọkọ̀, mo ní kò yé mi. Báwo lèèyàn ṣe máa fi ọmọ ọlọ gún àbúrò rẹ̀ bí ẹni gún ẹ̀gẹ́, kó tún wá máa bẹ̀rù ilé ìsìn?

“Mo ti mú ẹni tó dúmbú ọ̀rẹ́ ẹ̀ rí ní Mushin,” ni Alhaja wí. “Ó sì fọwọ́ kó tó jẹun. Èèyàn lè má bẹ̀rù ẹ̀jẹ̀ kó bẹ̀rù èèwọ̀. Gbọ́, Lékan. Gbogbo ayé ló ń sọ Ìṣẹ́gun. Ẹnì kan ṣoṣo ló ka Ajé, torí òun nìkan ló wà níbẹ̀. Òun ló fi fóònù òkú tẹ ọ̀rọ̀ ránṣẹ́ síra ẹ̀, láàárín ogún èèyàn tó fi ṣe ẹlẹ́rìí. Òun ló gbé ọmọ ọlọ sínú bin Hemlata. Ó purọ́ fún ọlọ́pàá, ó purọ́ fún kóòtù, àmọ́ kò lè purọ́ fún òkú.”

Bó bá sì jẹ́ Ajé ni, Idiat àti gbogbo ilé àwọn arúgbó ni ẹlẹ́rìí Hemlata.

Ó pe Ethan. Mo gbọ́ ohùn ọmọkùnrin náà láti inú fóònù: “Auntie, ṣé kí n sọ fún boss mi pé kàlẹ́ńdà tẹ́ńpìlì ló sọ fún mi?” Alhaja ní kó sọ ohun tó bá wù ú, kó ṣáà máa bọ̀ nílé Jayant. Ó wá pe àwọn òṣìṣẹ́ ìjọba tó ń tọ́jú ọmọ náà. Wọ́n ní wọ́n ti mú Jhanvi lọ láago mọ́kànlá, torí Jayant ní kí wọ́n tètè mú un wá.

Mi ò tíì wa ọkọ̀ bẹ́ẹ̀ rí láyé mi.

*

Royal Arsenal Riverside ni Jayant ń gbé, àjà kẹfà, níbi tí èèyàn ti ń wo odò. Aṣọ funfun ló wọ̀ nígbà tó ṣílẹ̀kùn fún wa, ó ti fárí bí ẹni tó ń ṣọ̀fọ̀. Ọmọ náà jókòó sórí àga pẹ̀lú báàgì rẹ̀ lẹ́yìn, kò tíì bọ́ bàtà. Jayant ní kí a jókòó, ó gbé ife tíì gbígbóná síwájú wa. Alhaja kí i kú ìrọ́jú. Lẹ́yìn náà ló bi í, wọ́ọ́rọ́wọ́, ìdí tí ọjọ́ kẹtàlá fi jẹ́ Àbámẹ́ta.

“Ìyá, ìsìn wa ò lè yé yín,” ló wí.

“Ó yé mi díẹ̀. Láàárọ̀ Ìṣẹ́gun, ẹ dúró sínú òjò pẹ̀lú àwo èso lọ́wọ́, ẹ ò wọlé. Òkú ta lẹ ń ṣọ̀fọ̀? Ọjọ́rú ni ajá tó rí òkú àbúrò yín.”

Ó wo Alhaja, ó wo ọmọ. Ó ní òun fẹ́ mú ṣúgà wá. Nígbà tó jáde láti ilé ìdáná, ọ̀bẹ ló mú. Kí n tó mí, ó ti gbá irun Jhanvi mú, ó ti fà á sókè lórí àga, ó ń fi ẹ̀yìn rìn lọ síbi ìlẹ̀kùn gíláàsì tó jáde sí bàkóónì. Ojú ọ̀bẹ ti ya ọmọ náà lọ́rùn díẹ̀. Ẹ̀jẹ̀ tín-ín-rín ń ṣàn wọ kọ́là rẹ̀, kò sì ké.

“Ó fọwọ́ sí i, àbí?” ni Alhaja wí. Kò dìde. “Àbúrò yín ti fọwọ́ síwèé.”

“Ilé bàbá mi!” ni Jayant wí. “Ó wá sọ ọ́ létí adágún, ó ń rẹ́rìn-ín. Ó ní òun ti fi ìpín òun fún ọmọbìnrin. Ilé tí bàbá mi fi ọwọ́ ara rẹ̀ kọ́!”

Ó na ọwọ́ sẹ́yìn láti ṣí ìlẹ̀kùn. Ìgbà yẹn ni Alhaja da tíì gbígbóná sí i lójú. Ó ké bí ẹran, èmi náà fò mọ́ ọn. Mo na ọwọ́ láti gba ọ̀bẹ, ọ̀bẹ gba àtẹ́lẹwọ́ mi kọjá, mo rí ṣóńṣó rẹ̀ ní òdìkejì. Mi ò jù ú sílẹ̀. Ọmọ náà bọ́, ó yí lọ sábẹ́ tábìlì. Jayant fi orí kàn mí nímú, ohun kan ró kẹ̀, ojú mi ṣókùnkùn, ọwọ́ rẹ̀ kan sì há sáàárín ìlẹ̀kùn gíláàsì. Alhaja, tí orúnkún ń dùn, fi gbogbo ara ti ìlẹ̀kùn yẹn. Mo gbọ́ bí egungun apá rẹ̀ ṣe ṣẹ́. Ó ṣubú, mo jókòó lé e lọ́rùn, ẹ̀jẹ̀ mi ń kán sórí rẹ̀ tó fá, títí Ethan àti àwọn méjì fi já ilẹ̀kùn wọlé.

Ethan wo ilé, ó wo Alhaja tó jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀ tó ń mí gúlegúle.

“Auntie, ẹ pẹ̀lẹ́,” ló wí. “Ẹ má bínú.”

Nínú dúrọ́ọ̀ Jayant ni wọ́n ti rí àpò ìwé kan tí ẹ̀jẹ̀ ti gbẹ mọ́ létí. Ìwé tí Bhavesh fọwọ́ sí níwájú lọ́yà tirẹ̀ láàárọ̀ ọjọ́ Ajé ló wà nínú rẹ̀. Gbogbo ìpín rẹ̀ nínú ilé Rajkot ló fún Jhanvi, ó sì gbà pé òun yóò máa san owó ìtọ́jú Hemlata lóṣooṣù.

*

Aago márùn-ún ìrọ̀lẹ́ ni wọ́n tó tú Hemlata sílẹ̀. Wọ́n ti rán ọwọ́ mi, wọ́n ti di imú mi, a jókòó sínú yàrá kékeré kan ní àgọ́ ọlọ́pàá pẹ̀lú Jhanvi tí wọ́n fi báńdéèjì wé lọ́rùn. Hemlata wọlé, ó gbé ọmọ rẹ̀, ó ń fọwọ́ tọ́ gbogbo ara rẹ̀ wò, ìka dé ìka. Alhaja fún un ní ẹ̀dà ìwé náà. Ó kà á, ó tún un kà, ó sì jókòó.

Ọmọ náà gbé ojú sókè. Látìgbà tó ti gbọ́n, ọ̀rọ̀ owó ọmọ, owó ọmọ, ló ń gbọ́ nínú ilé.

“Mummy, ṣé torí owó mi ni wọ́n ṣe pa Daddy?”

Hemlata di ọmọ rẹ̀ mú, ó sì sọ ohun tí kò tíì sọ fún ọlọ́pàá, fún lọ́yà tàbí fún wa. Ó ní ní aago méjì ọ̀sán ọjọ́ Ajé, kí òun tó lọ síbi iṣẹ́, Bhavesh wá kan ilẹ̀kùn àwọn. Ó kàn án pẹ́. Ó ń pe orúkọ Jhanvi láti ìta, ó ní òun mú nǹkan wá fún un.

“Kì í ṣe torí tìẹ,” ló wí. “Daddy rẹ wá bá ọ. Èmi ni mi ò ṣílẹ̀kùn.”